ISA, MCA, EISA, VLB àbí PCI: Èwo Ni Kí Ẹ Wá Nínú Kọ̀ǹpútà Àtijọ́ Tí Ẹ Fẹ́ Rà?

Ẹni tó bá fẹ́ ra kọ̀ǹpútà àtijọ́, yálà láti tún un ṣe, láti fi kọ́ bí ẹ̀rọ ṣe ń ṣiṣẹ́, tàbí láti fi ṣe àwọn géèmù ayé DOS (ètò tó ń darí kọ̀ǹpútà kí Windows tó gbilẹ̀), bí ọpọlọ ẹ̀rọ náà ṣe yára tó àti iye mẹ́mórì inú rẹ̀ ló sábà máa ń kọ́kọ́ béèrè. Èmi kì í fi ìyẹn ṣáájú. Ohun tí mo máa ń ní kí ènìyàn kọ́kọ́ ṣe ni pé kó ṣí ìdérí ẹ̀rọ náà, kó sì wo àwọn ihò gígùn tó tò sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn lórí mọ́dàbọ́ọ̀dù, pátákó ńlá inú ẹ̀rọ, níbi tí wọ́n ti ń ki káàdì bọ̀. Mẹ́mórì ṣeé fi kún, ọpọlọ ẹ̀rọ pàápàá ṣeé pààrọ̀ nígbà mìíràn, ṣùgbọ́n àwọn ihò yẹn kò ṣeé yí padà, àwọn ni yóò sì pinnu irú káàdì ohùn, káàdì àwòrán, káàdì nẹ́tíwọ́ọ̀kì àti káàdì díìsìkì tí ẹ óò máa wá kiri níwọ̀n ìgbà tí ẹ̀rọ náà bá fi wà lọ́wọ́ yín.

Bọ́ọ̀sì ni àwọn ẹnjinníà ń pe ọ̀wọ́ wáyà tó so ọpọlọ ẹ̀rọ mọ́ àwọn ihò náà. Inú ọ̀rọ̀ Látìn kan ṣoṣo, omnibus, ni orúkọ òun àti ti bọ́ọ̀sì tí à ń wọ̀ lójú pópó ti wá, ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ náà sì ni “fún gbogbo ènìyàn”. Ẹ fi ìtumọ̀ yẹn sọ́kàn bí a ti ń bá ọ̀rọ̀ lọ, nítorí pé ìyára nìkan kọ́ ló ya àwọn bọ́ọ̀sì tí mo dárúkọ lókè, ISA, MCA, EISA, VLB àti PCI, sọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Ẹni tó láṣẹ láti ṣe káàdì fún wọn ni ọ̀rọ̀ gan-an, òun ló sì sọ bí káàdì wọn ṣe pọ̀ tó lọ́jà títí di òní.

Àwọn àgbà: S-100 àti Apple II

Inú Altair 8800, kọ̀ǹpútà tí ilé-iṣẹ́ MITS ti ìlú Albuquerque ní ìpínlẹ̀ New Mexico ṣe, tí ìwé ìròyìn Popular Electronics sì gbé sí èèpo iwájú rẹ̀ ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1975, ni bọ́ọ̀sì S-100 ti jáde. Ẹsẹ̀ 100, ìyẹn ojú irin tí káàdì ń kàn, ni ihò rẹ̀ ní, ibẹ̀ ni orúkọ náà ti wá. Kì í ṣe pé Ed Roberts, olórí MITS, jókòó ṣe ìlànà fún gbogbo ayé. Ó kàn fa àwọn wáyà ọpọlọ Intel 8080 síta fún ẹ̀rọ tirẹ̀ ni. Nígbà tí kọ̀ǹpútà mìíràn, IMSAI 8080, dé, tí ó sì lo ihò kan náà, àwọn ilé-iṣẹ́ kéékèèké bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe káàdì tó lè wọ inú méjèèjì. Ṣùgbọ́n kò sí ìwé kankan tó sọ ohun tí ẹsẹ̀ kọ̀ọ̀kan wà fún ní àsọyé, nítorí náà ilé-iṣẹ́ kan lè fi ẹsẹ̀ kan ṣe ohun kan, kí èkejì sì fi í ṣe nǹkan mìíràn. Ọdún 1983 ni IEEE, ẹgbẹ́ àwọn ẹnjinníà, ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ ìlànà náà sílẹ̀, tí wọ́n pè é ní IEEE 696, nígbà tí IBM ti ń gba ọjà lọ. Iná rẹ̀ pàápàá yàtọ̀: nǹkan bí fóltì 8 tí a kò tíì tò ni bọ́ọ̀sì náà ń gbé wá, káàdì kọ̀ọ̀kan ló sì ń sọ ọ́ di fóltì 5 fúnra rẹ̀, ìdí nìyẹn tí àwọn káàdì náà fi máa ń gbóná.

Ihò mẹ́jọ tó ní ẹsẹ̀ 50 ni Apple II ti ọdún 1977 ní tirẹ̀. Ìtàn tó gbajúmọ̀ ni pé ihò méjì péré ni Steve Jobs fẹ́, ọ̀kan fún ẹ̀rọ ìtẹ̀wé, ọ̀kan fún módẹ́ẹ̀mù, ṣùgbọ́n Steve Wozniak kọ̀ jálẹ̀, ó ní mẹ́jọ ni òun óò ṣe. Wozniak ló jàre. Nígbà tí ó di ọdún 1980, Microsoft gbé káàdì kan jáde tí wọ́n ń pè ní SoftCard, tí ọpọlọ Z80 wà lórí rẹ̀. Ẹni tó bá kì í bọ inú Apple II rẹ̀ lè máa lo àwọn sọ́fítíwíà CP/M, ètò ìdarí kọ̀ǹpútà mìíràn nígbà náà, tí ọpọlọ 6502 inú ẹ̀rọ náà kò lè gbọ́ èdè wọn rárá. Ohun tí mo fẹ́ràn jù níbẹ̀ ni pé Wozniak fún ihò kọ̀ọ̀kan ní àdírẹ́sì tirẹ̀. Káàdì kò nílò jọ́ḿpà, ìdérí kékeré tó ń so ẹsẹ̀ méjì pọ̀ láti yan ètò káàdì, tí ènìyàn yóò máa yọ tí yóò máa fi. Ihò tó bá wà ni orúkọ rẹ̀. Ihò kẹfà ni wọ́n sábà ń ki káàdì díìsìkì bọ̀, ẹni tó bá sì tẹ PR#6 lórí bọ́tìnnì ti sọ fún ẹ̀rọ pé kó jí láti ibẹ̀.

Láàárín méjèèjì, Apple II ni mo máa yàn fún ẹni tó ń bẹ̀rẹ̀. S-100 dára fún ẹni tó ti mọ mítà í lò, tó mọ bí wọ́n ṣe ń fi lẹ́ẹ̀dì jó wáyà pọ̀, tí kò sì ka wíwá ìwé ìtọ́nisọ́nà káàdì kọ̀ọ̀kan sí ìyà.

ISA

Ní ọjọ́ 12 oṣù kẹjọ ọdún 1981 ni IBM gbé PC rẹ̀ jáde, ẹ̀rọ tí ikọ̀ kékeré kan lábẹ́ Don Estridge ṣe ní Boca Raton ní ìpínlẹ̀ Florida. Bọ́ọ̀sì inú rẹ̀ ni a wá mọ̀ sí ISA. Ihò márùn-ún ló wà nínú rẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ẹsẹ̀ 62, bíìtì 8 ni wọ́n sì ń gbé lẹ́ẹ̀kan ní ìyára 4.77 MHz. Ihò márùn-ún yẹn kò tó nǹkan, nítorí pé káàdì àwòrán gba ọ̀kan, káàdì tó ń darí díìsìkì pẹlẹbẹ gba òmíràn, kí ẹni tó ra ẹ̀rọ tó fi ohunkóhun tirẹ̀ kún un. Ohun tó gbé bọ́ọ̀sì náà ga ni ìwé tí IBM ń tà fún ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́: àwòrán wáyà ẹ̀rọ náà wà nínú rẹ̀, títí kan àkọsílẹ̀ BIOS rẹ̀, sọ́fítíwíà tó ń jí ẹ̀rọ, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ẹni tó bá ní ìwé náà lọ́wọ́ lè ṣe káàdì láìtọrọ àṣẹ, ẹgbẹẹgbẹ̀rún káàdì ló sì jáde lọ́nà bẹ́ẹ̀.

Ní ọdún 1984, nígbà tí AT, ẹ̀rọ tuntun IBM, dé pẹ̀lú ọpọlọ 80286, IBM fi ihò kúkúrú kan tó ní ẹsẹ̀ 36 kún iwájú ti àtijọ́. Bíìtì tó ń gbà lẹ́ẹ̀kan di 16, wáyà àdírẹ́sì kúrò ní 20 ó di 24, mẹ́mórì tí ó lè tọ́ka sí sì fò láti mẹ́gábáìtì 1 sí 16, síbẹ̀ ọ̀pọ̀ jù lọ káàdì bíìtì 8 ti àtijọ́ ṣì ń wọ inú rẹ̀ láìsí wàhálà. Orúkọ náà ISA kì í ṣe ti IBM. Àwọn abánidíje rẹ̀ ló sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn náà, torí pé IBM ló ni orúkọ AT.

Wàhálà rẹ̀ kò kéré, ó sì yẹ kí ẹni tó fẹ́ yàn án mọ̀ ọ́n dunjú. Bí káàdì bá fẹ́ kí ọpọlọ ẹ̀rọ dá òun lóhùn, ìlà kan tí wọ́n ń pè ní IRQ ló fi ń ké sí i. Nínú ihò bíìtì 8, ìlà mẹ́fà péré ló dé ọ̀dọ̀ àwọn káàdì, láti IRQ 2 títí dé 7. Ojú ìta COM méjèèjì, tí wọ́n ń so módẹ́ẹ̀mù àti eku mọ́, gba 4 àti 3, díìsìkì líle inú XT (ẹ̀rọ IBM láàárín PC àti AT) gba 5, díìsìkì pẹlẹbẹ gba 6, ẹ̀rọ ìtẹ̀wé gba 7. Ẹ wo ohun tó ṣẹ́ kù fún àlejò. AT fi àwọn ìlà mìíràn kún un, ṣùgbọ́n àìsàn gan-an kò kúrò níbẹ̀: káàdì méjì kò lè jọ lo ìlà kan. Ìṣẹ́jú tí iná orí ìlà bá gòkè nìkan ni ISA ń gbọ́ ìpè, kì í bojú wẹ̀yìn wò bóyá ẹlòmíràn ṣì ń pè, nítorí náà bí káàdì méjì bá ké pọ̀, igbe ọ̀kan lè sọnù, kí ẹ̀rọ sì dákú láìsọ ìdí. Káàdì ohùn Sound Blaster, tí ilé-iṣẹ́ Creative ti orílẹ̀-èdè Singapore gbé jáde ní ọdún 1989, jókòó sórí IRQ 7 níbẹ̀rẹ̀, orí ìlà ẹ̀rọ ìtẹ̀wé gan-an, kí wọ́n tó wá ń gbé e sórí 5. Ẹni tó bá ti kọ SET BLASTER=A220 I5 D1 sínú AUTOEXEC.BAT, fáìlì tí DOS ń kà nígbà tó bá ń jí, rí mọ ohun tí mò ń wí: àdírẹ́sì 220, IRQ 5, DMA 1 (ọ̀nà tí ohùn fi ń ti mẹ́mórì dé káàdì láìgba ọwọ́ ọpọlọ ẹ̀rọ), jọ́ḿpà orí káàdì sì gbọ́dọ̀ bá ohun tí ẹ kọ mu ní ṣísẹ̀-n-tẹ̀lé. Ẹ mú bébà kan, kí ẹ kọ ìlà tí káàdì kọ̀ọ̀kan ń lò síbẹ̀, kí ẹ tó ki èkejì bọ̀.

Ní ti ìyára, ISA bíìtì 16 tó ń rìn ní 8 MHz kì í lè gbé ju nǹkan bíi mẹ́gábáìtì 8 lọ ní ìṣẹ́jú àáyá kan, bí gbogbo nǹkan bá tilẹ̀ lọ déédéé. Àwòrán tó fẹ̀ tó 1024 sí 768 pẹ̀lú àwọ̀ 256 jẹ́ báìtì 786,432. Yóò gbà tó ìdá kan nínú mẹ́wàá ìṣẹ́jú àáyá kí ISA tó gbé ẹyọ kan ṣoṣo rẹ̀ dé ojú ìwòran. Géèmù ìgbà náà, tó sábà jẹ́ 320 sí 200, kò mọ̀ ọ́n lára tó bẹ́ẹ̀. Windows ni ó ni lára.

Pẹ̀lú gbogbo èyí, bí ènìyàn bá ní kí n dárúkọ bọ́ọ̀sì kan ṣoṣo fún ẹ̀rọ DOS, ISA ni. Káàdì rẹ̀ pọ̀ ju ti gbogbo ìyókù lọ, àwọn tó fẹ́ràn iṣẹ́ náà sì ṣì ń ṣe tuntun lónìí, irú bíi XT-IDE tó jẹ́ kí ènìyàn lo káàdì CompactFlash dípò díìsìkì líle tó ti ń pariwo.

ISA àti MCA lójúkojú

Nígbà tí IBM rí i pé àwọn ilé-iṣẹ́ bíi Compaq ti ń fi bọ́ọ̀sì òun jẹun, tí Compaq tilẹ̀ ṣáájú òun gbé ẹ̀rọ tó ní ọpọlọ 386 jáde ní ọdún 1986, ó gbé àwọn ẹ̀rọ PS/2 jáde ní ọjọ́ 2 oṣù kẹrin ọdún 1987, ó sì fi bọ́ọ̀sì tuntun, Micro Channel (MCA), sínú àwọn tó lágbára nínú wọn. (Ẹ ṣọ́ra: Model 25 àti Model 30 àkọ́kọ́ ń jẹ́ PS/2, ihò ISA ló sì wà nínú wọn.)

Bí a bá gbé wọn sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ ẹnjinníà, MCA na ISA ní àlùbolẹ̀. Ó ń gbé bíìtì 32 nínú àwọn ẹ̀rọ 386. Káàdì púpọ̀ lè jọ lo IRQ kan, nítorí pé ìlà náà ń dúró lójú ìpè títí a ó fi dá a lóhùn. Káàdì lè gba bọ́ọ̀sì lọ́wọ́ ọpọlọ ẹ̀rọ, kí ó gbé ẹrù tirẹ̀, kí ó sì dá a padà, pẹ̀lú ètò tó sọ ẹni tí ó kàn. Kò sí jọ́ḿpà: káàdì kọ̀ọ̀kan ní nọ́ńbà ìdánimọ̀, fáìlì kékeré kan tí orúkọ rẹ̀ parí sí ADF sì ń sọ fún ẹ̀rọ àwọn àdírẹ́sì àti ìlà tí káàdì náà lè gbà. Ìgbà tí ẹni tó ní ISA ń ka jọ́ḿpà lábẹ́ iná, ẹni tó ní MCA ń yàn lójú ìwòran.

Ibi tí ó ti ṣubú kò sí nínú wáyà. Káàdì ISA kan kò wọ inú rẹ̀, gbogbo ohun tí ènìyàn ti rà sẹ́yìn di àlòkù tí kò nílò. Ìwé kò sì ṣí sílẹ̀ fún gbogbo ayé mọ́: IBM béèrè owó àṣẹ lọ́wọ́ ilé-iṣẹ́ tó bá fẹ́ ṣe ẹ̀rọ MCA, ó sì fẹ́ kí wọ́n san owó lórí àwọn ẹ̀rọ oníbọ́ọ̀sì AT tí wọ́n ti tà tẹ́lẹ̀ pẹ̀lú. Díẹ̀ ló gbà. Èyí tó ṣe mí ní kàyéfì ni pé àwọn nǹkan kéékèèké tó bá PS/2 wá, ihò àtẹ bọ́tìnnì àti ti eku, àti ìlànà àwòrán VGA, gbogbo ayé ló mú wọn lò fún ọ̀pọ̀ ọdún, bọ́ọ̀sì tí IBM kà sí ohun iyebíye jù nìkan ni wọ́n fi sílẹ̀ fún un.

Ẹni tó bá fẹ́ rà á lónìí, ohun méjì ni kí ó bi ẹni tó ń tà á. Èkíní, ṣé Reference Disk rẹ̀ wà? Láìsí i, ẹ̀rọ náà kò ní mọ káàdì tí ẹ bá ki bọ̀ ọ́. Èkejì, báwo ni bátìrì inú rẹ̀? Bí ó bá ti kú, nọ́ńbà 161 ni yóò máa kọ sójú ìwòran nígbà tó bá ń jí, gbogbo ètò tó fi pamọ́ yóò sì ti parẹ́. Káàdì ohùn fún un ṣọ̀wọ́n bí ojú. Creative ṣe Sound Blaster fún MCA, ṣùgbọ́n ẹni tó bá rí i kò ní tà á lówó pọ́ọ́kú. Mo bọ̀wọ̀ fún MCA, ṣùgbọ́n n kò ní gba ẹnikẹ́ni nímọ̀ràn láti fi ṣe ẹ̀rọ àkọ́kọ́ rẹ̀, àfi bí PS/2 fúnra rẹ̀ bá jẹ́ ohun tí ó ń fẹ́.

EISA, ìdáhùn àwọn mẹ́sàn-án

Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1988, Compaq kó ilé-iṣẹ́ mẹ́jọ mìíràn sẹ́yìn: AST, Epson, Hewlett-Packard, NEC, Olivetti, Tandy, Wyse àti Zenith. Wọ́n ní àwọn kò ní san owó IBM, àwọn yóò fẹ ISA fúnra rẹ̀ di bíìtì 32, wọ́n sì pè é ní EISA. Ọgbọ́n tí wọ́n dá sí ihò rẹ̀ wù mí púpọ̀. Ihò náà ní ìpele méjì: káàdì ISA dúró ní ìpele òkè, káàdì EISA sì ń wọlẹ̀ jù ú lọ láti kan àwọn ẹsẹ̀ ìsàlẹ̀. Nítorí pé ó gbọ́dọ̀ bá àwọn àgbà mu, ìyára rẹ̀ kò kọjá 8.33 MHz, ó sì ń gbé mẹ́gábáìtì 33 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ó wọ́n. Inú sáfà, kọ̀ǹpútà tó ń ṣiṣẹ́ fún àwọn kọ̀ǹpútà mìíràn, ló pọ̀ sí, òun náà sì nílò díìsìkì ìṣètò bíi ti MCA. Bí ẹ bá rí i ní owó tó mọ níwọ̀n, kò burú, torí pé káàdì ISA yín yóò ṣì wọ inú rẹ̀. Ẹ kàn má lọ wá a kiri nítorí géèmù.

VLB àti PCI

Windows ló fa ọ̀rọ̀ dé ibí yìí. Gbogbo ènìyàn fẹ́ káàdì àwòrán tó yára, ISA kò sì lè gbé e. Ìdáhùn méjì jáde ní ọdún 1992, ìyàtọ̀ wọn sì dà bí ìyàtọ̀ ẹni tó gba ọ̀nà àbùjá àti ẹni tó la ọ̀nà tuntun.

VESA, ẹgbẹ́ àwọn ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe ìlànà àwòrán kọ̀ǹpútà, gba ọ̀nà àbùjá, bọ́ọ̀sì wọn sì ni VLB (VESA Local Bus). Wọ́n fi ihò kan kún iwájú ihò ISA bíìtì 16, wọ́n sì so ó tààrà mọ́ wáyà ọpọlọ 486. Ó yára, kò sì wọ́n, ṣùgbọ́n káàdì rẹ̀ gùn débi pé àwọn kan ń fi ṣe yẹ̀yẹ́, ó sì máa ń ṣòro láti kì í bọlẹ̀ láìtẹ mọ́dàbọ́ọ̀dù mọ́lẹ̀. Nítorí pé ìyára ọpọlọ ẹ̀rọ ni ìyára bọ́ọ̀sì, bí ìyára bá ṣe ń gòkè ni iye káàdì tí ó lè gbà ń dín kù. Ibí ni ọ̀pọ̀ olùrà ti ń ṣìnà. Ẹni tó rí 486DX-50 àti 486DX2-66 yóò rò pé ọ̀rọ̀ ìyára lásán ni, bẹ́ẹ̀ bọ́ọ̀sì ti àkọ́kọ́ ń sáré ní 50 MHz, ibi tí ọ̀pọ̀ káàdì VLB kì í ti í fara balẹ̀, nígbà tí ti èkejì ń rìn ní 33 MHz, tí inú ọpọlọ nìkan sì di ìlọ́po méjì. DX2-66 ni kí ẹ mú bí ẹ bá fẹ́ VLB.

PCI, tí Intel kọ ẹ̀dà àkọ́kọ́ rẹ̀ ní oṣù kẹfà ọdún 1992, ya bọ́ọ̀sì kúrò lára ọpọlọ ẹ̀rọ. Afárá kan wà láàárín wọn, nítorí náà ọpọlọ lè yí padà kí bọ́ọ̀sì má yí. Bíìtì 32 ní 33 MHz fún un ní mẹ́gábáìtì 133 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Àwòrán 1024 sí 768 tó gba ISA ní ìdá kan nínú mẹ́wàá, kò ní gba PCI ju ìdá kan nínú àádọ́jọ lọ. Káàdì kọ̀ọ̀kan ní báìtì 256 tí ó fi ń sọ irú ẹni tí òun jẹ́ àti ohun tí òun ń fẹ́, ẹ̀rọ ló sì ń pín àdírẹ́sì fún wọn, wọ́n sì lè jọ lo ìlà ìpè. Nọ́ńbà tí Intel fi ń dá káàdì rẹ̀ mọ̀ níbẹ̀ ni 8086, àwàdà àwọn ẹnjinníà nìyẹn. Intel kò ṣe bíi ti IBM: ó jẹ́ kí ẹgbẹ́ kan máa darí ìlànà náà, Apple pàápàá sì gbé NuBus, bọ́ọ̀sì tó ń lò tẹ́lẹ̀, tì, ó mú PCI sínú Power Macintosh ní ọdún 1995. Nígbà tí Pentium, ọpọlọ tuntun Intel, jáde ní ọdún 1993, VLB tó so mọ́ 486 bí ọmọ tó so mọ́ ẹ̀yìn ìyá kò rí ibi gbé e gbà mọ́.

Fún ẹ̀rọ 486 tí ẹ fẹ́ kó rí bí ti ọdún 1993, VLB tọ́ sí i. Fún ohun gbogbo tó kù láàárín àwọn méjèèjì, PCI ni, pẹ̀lú ìkìlọ̀ kan: géèmù DOS ń wá Sound Blaster ní àdírẹ́sì 220 àti DMA 1, PCI kò sì ní irú DMA bẹ́ẹ̀. Káàdì ohùn PCI gbọ́dọ̀ fi sọ́fítíwíà ṣe bí ẹni pé òun ni, géèmù tí kò gbà á kò sì lóǹkà.

Ìdí nìyẹn tí ẹ̀rọ tí mo máa ń tọ́ka sí fún ẹni tó fẹ́ kan ṣoṣo fi jẹ́ èyí tó ní PCI àti ISA pọ̀: káàdì àwòrán àti nẹ́tíwọ́ọ̀kì sínú PCI, káàdì ohùn sínú ISA. Mọ́dàbọ́ọ̀dù Pentium ti àárín ọdún 1990 sókè kún fún irú rẹ̀, àwọn tó ní ètò Intel 440BX (chipset, àwọn ṣíìpù tó ń darí mọ́dàbọ́ọ̀dù) ti ọdún 1998 sì fi ihò AGP kún un fún káàdì àwòrán. Ní ọdún 1999, Intel yọ ISA kúrò nínú ètò 810 rẹ̀, láti ìgbà náà ló ti ń ṣòro láti rí méjèèjì pa pọ̀.

Bí ẹ bá ṣí ìdérí, ihò dúdú gígùn ni ISA sábà máa ń jẹ́, PCI kúkúrú, ó sì funfun, VLB ni ihò ISA tó ní àfikún aláwọ̀ ilẹ̀ níwájú, AGP sì jẹ́ aláwọ̀ ilẹ̀ tó sún sẹ́yìn díẹ̀. Ẹ ka iye wọn, ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tí PCI ìkẹyìn àti ISA àkọ́kọ́ ti pàdé dáadáa: lórí ọ̀pọ̀ mọ́dàbọ́ọ̀dù, ojú ìta kan ṣoṣo ló wà fún méjèèjì lẹ́yìn àpótí, bí ẹ bá lo ọ̀kan, èkejì yóò ṣófo, nítorí náà ihò méje tí ẹni tó ń tà á kà fún yín lè jẹ́ mẹ́fà.